Ẹ gbà mí o, mo fẹ́ kó àwọn Pokémon inú Emerald mi wá sínú Scarlet

TorchicPupa:

Ẹ̀yin ará mo kí yín o. Ẹ jọ̀ọ́ ọ̀rọ̀ yìí ti tojú sú mi. Mo ní kásẹ́ẹ̀tì géèmù Pokémon Emerald ti GBA (Game Boy Advance) tó ti wà lọ́wọ́ mi látìgbà tí mo wà ní kékeré, save inú ẹ̀ ṣì wà digbí, Blaziken tí mo fi parí géèmù yẹn ń bẹ níbẹ̀, Gardevoir ń bẹ níbẹ̀, Aggron náà, àti Wailord kan tí mo sọ ní Àjànàkú, ká má tíì sọ àwọn kéékèèké tó kún inú àpótí. Ní báyìí Scarlet ni mò ń gbá lórí Switch, ó wá ń wù mí kí Blaziken yẹn wá bá mi níbẹ̀, òun gan-an o, kì í ṣe òmíì tí mo máa ṣẹ̀ṣẹ̀ mú. Mo bi ẹnì kan ó ní ó ṣeé ṣe, mo bi ẹlòmíì ó ní wọ́n ti tilẹ̀kùn, pé kí n gbàgbé ẹ̀.

Ohun tó wà lọ́wọ́ mi nìyí: géèmù Emerald, Platinum àti White, pẹ̀lú ẹ̀rọ DS Lite kan, 3DS kan tí mo fi gbá géèmù X nígbà kan, àti Switch. Mi ò mọ èyí tó lè bá èyí sọ̀rọ̀ nínú wọn. Emerald ò tiẹ̀ ráyè wọ 3DS, ihò tó máa gbà á ò sí lára ẹ̀. Ṣé okùn ni kí n wá rà ni àbí áàpù kan wà tó máa kó gbogbo ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà? Ẹ ṣàlàyé ẹ̀ fún mi bí ẹni tí ò mọ nǹkan kan o, torí mi ò mọ nǹkan kan lóòótọ́.

Àgbà_Tírénà:

Àbúrò, fọkàn balẹ̀, ohun tó o kà sílẹ̀ yẹn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pé. Okùn ò lè ràn ẹ́ lọ́wọ́ níbi tó o fẹ́ lọ yìí. Kò sí ibi tí Emerald ti ń fò tààrà dé Switch, ìran dé ìran ló máa fẹsẹ̀ rìn ín: Emerald sí Platinum, Platinum sí White, White sí Pokémon Bank (áàpù tó ń tọ́jú Pokémon) lórí 3DS, Bank sí Pokémon HOME (irú áàpù bẹ́ẹ̀ náà) lórí Switch, HOME ló wá máa gbé e fún Scarlet. Láti Emerald títí dé HOME, àlọ ni, kò sí àbọ̀. Géèmù àtijọ́ ò mọ ohun tí géèmù tuntun kọ sára Pokémon, torí náà wọn ò ṣe ọ̀nà ìpadà fún un rárá.

Ṣùgbọ́n kó o tó fọwọ́ kan ohunkóhun, tan 3DS yẹn kó o wò ó bóyá Pokémon Bank àti Poké Transporter (áàpù tó ń kó Pokémon wọ Bank) wà lórí ẹ̀. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ wà. Nintendo ti eShop (ọjà orí íntánẹ́ẹ̀tì) ti 3DS pa ní 27 oṣù Kẹta 2023, látọjọ́ náà ẹni tí ò bá tíì dáńlóòdù Bank rí ò lè rí i gbà mọ́, bó ti wù kó bẹ̀bẹ̀ tó. Ẹni tó ti gbà á tẹ́lẹ̀ tó wá pa á rẹ́ lè tún un dáńlóòdù, kódà owó ọdọọdún tí wọ́n ń gbà lórí ẹ̀ látijọ́ ti kúrò, ọ̀fẹ́ ni báyìí. Nígbà tí wọ́n wá pa àwọn nǹkan orí íntánẹ́ẹ̀tì 3DS ní oṣù Kẹrin 2024, tí èèyàn ò lè bá ẹlòmíì jà níbẹ̀ mọ́, wọ́n yọ Bank sílẹ̀, ó ṣì ń ṣiṣẹ́. Ẹni tó sọ fún ẹ pé wọ́n ti tilẹ̀kùn, ọ̀rọ̀ eShop ló gbọ́, kò gbọ́ ọ délẹ̀.

Tí Bank bá wà níbẹ̀, má fi falẹ̀. Tí kò bá sí, má tíì kó nǹkan kan kúrò nínú Emerald, wá sọ fún wa síbí ká wo ọ̀nà míì, torí tó o bá gbé wọn dé White tí Bank ò sí, inú White yẹn ni wọ́n máa wà.

TorchicPupa:

Ẹ̀gbọ́n!! Ó wà o! Mo ní láti sáàjì 3DS yẹn fún bíi wákàtí kan kó tó tàn, àmọ́ àwọn méjèèjì jókòó síbẹ̀ tìdùnnú-tìdùnnú, Bank àti Transporter. Mi ò rántí ìgbà tí mo dáńlóòdù wọn gan-an. Ó yá, ẹ wá tò ó fún mi lẹ́sẹẹsẹ, mo ti jókòó.

Àgbà_Tírénà:

Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ látorí Emerald.

DS Lite yẹn ni wúrà tó o ní. Òun àti DS àkọ́kọ́ nìkan ló ní ihò kásẹ́ẹ̀tì GBA nísàlẹ̀, DSi ò ní in, 3DS ò ní in. Wàá ki Platinum bọ òkè, Emerald bọ ìsàlẹ̀, wàá tan án, ní mẹ́nù àkọ́kọ́ tó máa yọ sí ẹ kó o tó wọ inú géèmù wàá rí i níbẹ̀ pé ó ń bi ẹ́ bóyá o fẹ́ kó Pokémon wá láti Emerald. Tí kò bá yọ, á jẹ́ pé o ò tíì ní National Pokédex (ìwé àkọsílẹ̀ gbogbo Pokémon) nínú Platinum, ìyẹn sì tún jẹ́ iṣẹ́ lọ́tọ̀, o gbọ́dọ̀ ti parí géèmù kó o sì ti fojú rí gbogbo Pokémon 210 tó wà nínú ìwé Sinnoh, ilẹ̀ inú Platinum. Rírí ni mo wí o, kò di dandan kó o mú wọn. Nǹkan kejì ni èdè: tí Emerald ẹ bá jẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì tí Platinum jẹ́ ti Jàpáànù, wọn ò ní gbọ́ra wọn yé, o ò ní rí nǹkan kan.

Mẹ́fà-mẹ́fà lo máa mú. Tó o bá ti mú mẹ́fà tó o sì ti gbà, wọ́n ti kúrò nínú Emerald nìyẹn, wọ́n ti wà ní Pal Park, ní Route 221 nínú Platinum. Wàá wá lọ síbẹ̀ lọ fọwọ́ ara ẹ tún wọn mú. Má bẹ̀rù, bọ́ọ̀lù tí wọ́n máa fún ẹ níbẹ̀ kì í tàsé, wàhálà ibẹ̀ kò ju kó o máa rìn nínú koríko àti lórí omi títí wọ́n á fi yọjú. Ìgbà tó o bá mú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà tán ni wọ́n máa wọ àpótí ẹ. Platinum kì í sì í gbà ju mẹ́fà lọ láti inú kásẹ́ẹ̀tì kan láàárín wákàtí 24, Diamond àti Pearl náà bẹ́ẹ̀. HeartGold àti SoulSilver ò ní ìdádúró yẹn, tó o bá mọ ẹni tó ní ọ̀kan nínú wọn tó lè yá ẹ, ìyẹn á yá ju tìẹ lọ. Tí kò bá sí, sùúrù ni. Yan àwọn tó o nífẹ̀ẹ́ sí jù kó o kọ́kọ́ kó wọn, má jẹ́ ká máa kó Zigzagoon tó o fi ń gé igi látijọ́ ní ọjọ́ àkọ́kọ́.

Ó tún ku nǹkan kan níbẹ̀. Pokémon tó bá mọ move HM (ọgbọ́n ìjà tí a tún ń fi la ọ̀nà nínú géèmù, bíi gígé igi) ò lè kọjá, Cut, Fly, Surf, Strength àti ẹgbẹ́ wọn. Wàá gbé e lọ sọ́dọ̀ ọkùnrin tó ń pa move rẹ́ ní Lilycove nínú Emerald kó bá ẹ yọ ọ́. Ẹyin náà ò lè kọjá, kọ́kọ́ pa á kó o tó dé ibẹ̀.

Láti Platinum sí White, ẹ̀rọ méjì lo máa lò, DS Lite ẹ àti 3DS ẹ á ṣe é. White wọ ọ̀kan, Platinum wọ ìkejì. Nínú White, wàá lọ sí Poké Transfer Lab ní Route 15, èyí tó túmọ̀ sí pé o ti gbọ́dọ̀ parí ìtàn géèmù yẹn. Ẹ̀rọ tí White wà nínú ẹ̀ máa rán géèmù kékeré kan sí ẹ̀rọ kejì, wàá lọ gbà á ní Download Play, wàá mú mẹ́fà nínú àpótí Platinum, wàá wá máa fa bọ́ọ̀lù lójú gíláàsì bí ẹni ń ta kànnàkànnà láti mú wọn bí wọ́n ṣe ń yọ jáde nínú koríko. Èyí tó bá bọ́ mọ́ ẹ lọ́wọ́ ò sọnù, inú Platinum ló ṣì wà, wàá tún un ṣe. Níhìn-ín kò sí ọ̀rọ̀ wákàtí 24. Ọ̀rọ̀ move HM tún padà wá níbí o, ẹni tó ń pa á rẹ́ nínú Platinum wà ní Canalave. Ohun tí Pokémon bá sì dì mọ́wọ́ ò ní bá a kọjá.

Ibi tó dùn jù ló kàn. Nínú White, kó gbogbo wọn sínú àpótí àkọ́kọ́, Box 1, ọgbọ̀n ló ń gbà. Fi White sínú 3DS, ṣí Poké Transporter, á kó gbogbo ohun tó wà nínú Box 1 yẹn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo lọ sínú Bank, kò sí mẹ́fà-mẹ́fà mọ́, kò sí eré bọ́ọ̀lù. Ó máa ń yẹ̀ wọ́n wò o, èyí tí wọ́n fi ayédèrú ṣe á dá padà. Lẹ́yìn náà ṣí Bank fúnra ẹ̀ kó o gbé wọn kúrò nínú àpótí tí Transporter kó wọn sí, kó o kó wọn sínú àpótí Bank gidi, torí tí ìyẹn bá ṣì ní nǹkan nínú, Transporter ò ní kó òmíì wá.

Láti Bank sí HOME, Wáìfáì ni. Wàá sọ fún HOME pé o fẹ́ kó nǹkan wá láti Bank, á fún ẹ ní kóòdù kan, wàá sáré tẹ kóòdù yẹn sínú Bank lórí 3DS torí kì í pẹ́ kó tó kú, wàá yan àpótí tó o fẹ́ kó, ó parí. Premium Plan ti HOME gbọ́dọ̀ wà lórí àkáǹtì ẹ lọ́jọ́ yẹn, ti ọ̀fẹ́ ò lè ṣe é.

EeveeOnígbèsè:

Ẹ dákun ẹ̀yin tẹ ní Bank ẹ máa jẹ ayé lọ. Èmi ní White 2, mo ní 3DS, ṣùgbọ́n mi ò dáńlóòdù Bank rí láyé mi, ìgbà tí mo fi máa gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹ̀ eShop ti kú. Ṣé ó ti tán fún èmi nìyẹn?

JigglyTíÒSùn:

@EeveeOnígbèsè kò tíì tán, àmọ́ ọwọ́ ẹlòmíì ló wà. O nílò ọ̀rẹ́ kan tó ní 3DS tí Bank wà lórí ẹ̀. Kásẹ́ẹ̀tì White 2 ẹ ló máa wọ inú 3DS tiẹ̀, Transporter ẹ̀ á kó Box 1 ẹ sínú Bank ẹ̀. Bó bá ti wà níbẹ̀, ẹ lè lo HOME tìẹ tàbí tiẹ̀ láti gbà á. Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń ṣe ni pé ọ̀rẹ́ yẹn á kó o wọ HOME ara ẹ̀, á wá máa fi trade orí fóònù dá a padà fún ẹ lọ́kọ̀ọ̀kan. Orúkọ ẹ ló ṣì máa wà lára wọn gẹ́gẹ́ bí ẹni tó kọ́kọ́ mú wọn, ìyẹn kì í yí padà.

Ṣáà ri pé ẹni tó o fọkàn tán ni o. Tí Pokémon bá ti wọ àpótí ẹlòmíì, kò sí kóòtù tó máa bá ẹ gbà á. Kó o sì kó èyí tó o fẹ́ nìkan sínú Box 1, torí Transporter kì í bi èèyàn pé èwo ni kí n fi sílẹ̀, gbogbo ohun tó bá bá níbẹ̀ ló ń gbá lọ.

Yẹ́lòÀtijọ́:

Ẹ̀yin tẹ ní Emerald lẹ tún ń ṣàròyé. Èmi Yellow ni mo ní, ti Game Boy gan-an, kásẹ́ẹ̀tì aláwọ̀ yẹ́lò yẹn. Ọ̀nà wo lèmi máa gbà? Mo rò ó pé mo lè gbé e wọ Gold, kí Gold gbé e fún Emerald, kí n wá bá ọ̀nà tí Àgbà tò sílẹ̀ yìí lọ.

Ọmọ_Celebi:

@Yẹ́lòÀtijọ́ Yellow sí Gold, bẹ́ẹ̀ ni, okùn Game Boy lásán á ṣe é. Nínú àwọn géèmù àtijọ́, Gold, Silver àti Crystal nìkan ló jẹ́ kí èèyàn lè padà sẹ́yìn, Time Capsule wà nínú wọn, o lè gbé Pokémon padà lọ sínú Yellow bí kò bá ṣáà ti jẹ́ ẹ̀yà tuntun tí kò sì mọ move tuntun. Ṣùgbọ́n láti Gold sí Emerald, ọ̀gbun ló wà níbẹ̀. Kò sí ọ̀nà, kò sì sígbà tó wà rí. Nígbà tí wọ́n ṣe Ruby àti Sapphire, àwọn tó ṣáájú Emerald, ní 2002 wọ́n tú gbogbo bí wọ́n ṣe ń kọ Pokémon sílẹ̀ ká wọ́n sì tún un tò láti ìpìlẹ̀. Wọ́n mú nature (ìwà Pokémon) wá, wọ́n mú ability (agbára àdámọ́) wá, àwọn nọ́ńbà tí wọ́n bí Pokémon mọ́, tó jẹ́ pé 15 ni òpin ẹ̀ tẹ́lẹ̀, wọ́n sọ ọ́ di 31. Pikachu inú Yellow ò ní àyè tí wọ́n máa kọ nature ẹ̀ sí. Okùn GBA náà sì ń sọ èdè tó yàtọ̀ sí ti Game Boy.

Ẹni tó rí ọ̀nà gbà ni ẹni tó ra Red, Blue tàbí Yellow lórí eShop 3DS nígbà tí wọ́n gbé wọn jáde ní oṣù Kejì 2016, ti Gold àti Silver tẹ̀lé e ní 2017, Crystal ní 2018. Ìyẹn ò lo kásẹ́ẹ̀tì, orí 3DS fúnra ẹ̀ ló wà, Transporter mọ̀ ọ́n. Tó bá kọjá, wọ́n á yan nature fún un, á gba Hidden Ability (agbára àdámọ́ tó ṣọ̀wọ́n), á sì ní àmì Game Boy kékeré lára títí ayé, àmì yẹn gan-an làwọn kan ń wá kiri.

Ẹ jẹ́ n fi èyí kún un torí ó dùn mọ́ mi: nature tí wọ́n ń yàn yẹn kì í ṣe oríire. EXP (àmì ìrírí ìjà) tí Pokémon ní ni wọ́n ń fi 25 pín, ohun tó bá ṣẹ́kù ló ń sọ nature. Tó bá ku 3, Adamant ni. Tó bá ku 10, Timid. Tó bá ku 13, Jolly. Torí náà ẹni tó bá ní sùúrù lè máa bá Pidgey kékeré jà títí EXP ẹ̀ á fi bọ́ sórí nọ́ńbà tó fẹ́ kó tó gbé e kọjá. Mo mọ àwọn tó ṣe é fún odidi àpótí kan. Wèrè ni wọ́n, mo sì fẹ́ràn wọn.

Ti kásẹ́ẹ̀tì Yellow tìẹ, jọ̀ọ́ ṣọ́ bátìrì inú ẹ̀. Save Yellow, bátìrì ló gbé e dúró, tó bá kú, save náà kú tẹ̀lé e. Ti Emerald yàtọ̀, aago nìkan ni bátìrì tiẹ̀ ń bọ́, ẹ má jẹ́ kí ọ̀rọ̀ tó máa ń yọ pé bátìrì ti tán dẹ́rù bà yín, save yín wà níbẹ̀.

Ríbọ́ọ̀nùLókù:

Ẹ dúró ná, ẹ dúró. @TorchicPupa kó o tó gbé Blaziken yẹn kúrò nínú Emerald, ṣé o ti gba ríbọ́ọ̀nù tó wà níbẹ̀? Gbogbo èèyàn kàn ń sáré kó wọn lọ sókè, wọn ò rántí pé ohun tó wà ní Hoenn (ilẹ̀ inú Emerald) ìgbà yẹn, Hoenn ìgbà yẹn ló wà. Contest (ìdíje ẹwà) nìkan, oríṣi márùn-ún ni, ipele mẹ́rin-mẹ́rin, ogún ríbọ́ọ̀nù gbáko nìyẹn, Blaziken tó ti dé Platinum ò lè padà wá gbà wọ́n. Platinum náà ní tiẹ̀, tó bá ti wọ White, ó ti bọ́ lọ́wọ́ ẹ.

Mo mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo èèyàn ló bìkítà. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó o sọ pé òun gan-an lo fẹ́, kì í ṣe òmíì, ìyẹn ni mo gbọ́ tí mo fi ń sọ èyí. Tó bá jẹ́ torí àtijà ni, o lè mú Torchic míì nínú The Indigo Disk, àfikún tí wọ́n ń tà fún Scarlet, tó máa lágbára ju ti Emerald lọ, ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́. Ohun tó jẹ́ kí àtijọ́ níyì ni ìrìn àjò tó wà lára ẹ̀, ríbọ́ọ̀nù sì ni ìwé àṣẹ ìrìn àjò yẹn. HOME ń fi wọ́n hàn, àmọ́ ti contest àtijọ́, inú ríbọ́ọ̀nù kan ṣoṣo tí wọ́n ń pè ní Contest Memory Ribbon ni wọ́n ti pa gbogbo wọn pọ̀. Fún un ní Pokéblock (oúnjẹ tó ń mú Pokémon yẹ fún contest) kó o tó gbé e wọ contest, tó bá ti yó kò ní jẹ mọ́, nítorí náà èyí tó dáa ni kó o fún un.

Àgbà_Tírénà:

@Ríbọ́ọ̀nùLókù ìwọ náà wàá dá ọmọ ọlọ́mọ dúró sí Lilycove títí Bank á fi kú mọ́ ọn lórí. Blaziken kan ṣoṣo ni kó o fi ṣe ríbọ́ọ̀nù tó bá wù ẹ́ àbúrò, àwọn tó kù kí wọ́n máa lọ.

Ríbọ́ọ̀nùLókù:

Ìyẹn náà dáa. Ṣùgbọ́n kó ṣe é o.

Rinrin_Kiri:

Èmi Pokémon GO ni mò ń gbá lórí fóònù, mi ò ní DS, mi ò ní 3DS. Ṣé èmi náà lè gbé tèmi wọ Scarlet, ṣé mo sì lè gbé ti Scarlet wá sórí GO?

JigglyTíÒSùn:

@Rinrin_Kiri àkọ́kọ́ bẹ́ẹ̀ ni, ìkejì rárá. GO ń rán nǹkan lọ sí HOME, kì í gbà á padà. Tìẹ tiẹ̀ rọrùn ju ti Emerald lọ, inú settings ní GO wàá so ó pọ̀ mọ́ àkáǹtì Nintendo ẹ, kó o máa rán an lọ. Ohun tó ń dá èèyàn dúró ni agbára inú ẹ̀rọ ìkóni GO Transporter tí wọ́n fi sí GO, gbogbo Pokémon tó o bá rán ló ń jẹ lára ẹ̀, Legendary (àwọn tó ṣọ̀wọ́n jù) àti shiny (àwọn aláwọ̀ ọ̀tọ̀) ń jẹ púpọ̀, tó bá ti tán wàá dúró kó fúnra ẹ̀ kún tàbí kó o fi PokéCoin kún un. Ọ̀pọ̀ àwọn tó wọ aṣọ àti fìlà ọdún ò lè kúrò ní GO rárá. Ìgbà àkọ́kọ́ tó o bá rán nǹkan, wàá rí Mystery Box gbà nínú GO tó ń pe Meltan wá, Melmetal kan tó lè Gigantamax (kó di òmìrán nínú ìjà) á sì máa dúró dè ẹ́ nínú HOME, gbà á, má ṣàìgbà á.

Tí wọ́n bá dé Scarlet, move tí wọ́n ń lò ní GO ò ní bá wọn wá o, ti Scarlet ni wọ́n máa mọ̀.

TorchicPupa:

Ẹ ṣeun gan-an ẹ̀yin èèyàn mi, mi ò mọ̀ pé ẹ pọ̀ tó báyìí níbí. Mo ti bẹ̀rẹ̀, ẹgbẹ́ àkọ́kọ́ ti wà ní Pal Park. Ìbéèrè méjì ló kù. Ẹnì kan sọ pé Scarlet kì í gba gbogbo Pokémon, ṣé Àjànàkú Wailord mi máa wọlé? Èkejì, Premium yẹn, ṣé títí láé ni màá máa san án? Torí mi ò fẹ́ kó jẹ́ pé ọjọ́ tí mi ò bá ní owó ni wọ́n máa gbé Blaziken mi lọ.

Àgbà_Tírénà:

Wailord ò lè wọ Scarlet. Aggron náà ò lè wọ̀ ọ́. Látìgbà Sword àti Shield ní 2019 ni wọ́n ti jáwọ́ nínú kí gbogbo Pokémon máa wà nínú gbogbo géèmù, ariwo tó ṣẹlẹ̀ lọ́dún yẹn ò ṣe é fẹnu sọ, àmọ́ wọn ò yí i padà. Blaziken máa wọlé, Gardevoir máa wọlé. Wailord àti Aggron, Sword tàbí Shield ló gbà wọ́n, kò sì pọn dandan kó o ra àfikún géèmù yẹn, update ọ̀fẹ́ ti tó. Àwọn kan wà bíi Beedrill tí Sword ò gbà tí Scarlet náà ò gbà, ìyẹn á lọ sí Brilliant Diamond tàbí Shining Pearl. Tó o bá ti so géèmù mọ́ HOME, èyí tí kò lè wọlé, wàá rí àmì lára ẹ̀. Ohun tó wá dáa ni pé láti HOME lọ síwájú, ọ̀nà ti di àlọ àti àbọ̀ láàárín Sword, Shining Pearl, Legends: Arceus àti Scarlet, Blaziken lè wọ Scarlet lónìí kó padà sí HOME lọ́la. Let's Go yàtọ̀, tí Pokémon bá ti kúrò níbẹ̀ wọ géèmù míì, kò lè padà síbẹ̀ mọ́.

Ti owó: rárá o, má san án títí láé. HOME ọ̀fẹ́ ń gba 30 Pokémon, Premium ń gba 6,000. San ti oṣù kan péré, ṣùgbọ́n má san án báyìí tó o ṣì wà ní Pal Park, dúró kí gbogbo wọn pé sínú Bank ná. Bank ń gba 3,000, ọ̀fẹ́ sì ni, kò sí ohun tó ń lé ẹ níbẹ̀. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá pé, san Premium, kó gbogbo ẹ̀ wọ HOME, kó o wá pín wọn sínú àwọn géèmù Switch fúnra wọn. Scarlet ní àpótí 32 tó ń gba ọgbọ̀n-ọgbọ̀n, 960 nìyẹn, Sword náà 960, Shining Pearl tiẹ̀ ní àpótí 40. Ẹni tó wà nínú géèmù ò san owó ilé fún ẹnikẹ́ni. Àwọn tí kò sí géèmù lọ́wọ́ ẹ tó máa gbà wọ́n, bíi Wailord yìí nígbà tí o ò ní Sword, àwọn ni kó o fi sínú àpótí ọ̀fẹ́ 30 yẹn kí Premium tó parí. Tó bá parí tó o sì ní nǹkan nínú àwọn àpótí yòókù, o ò ní lè fọwọ́ kàn án mọ́ àfi tó o bá tún san, ìdí nìyẹn tí mo fi ní kó o tètè pín wọn. Orí Switch lo ti máa ṣe pípín yẹn o, HOME orí fóònù kì í kan géèmù, ti trade ló wà fún.

Tí Blaziken bá dé Scarlet, move àtijọ́ ẹ̀ ò ní sí níbẹ̀, àwọn tí Scarlet kọ́ ọ gẹ́gẹ́ bí lẹ́fẹ́ẹ̀lì ẹ̀ ló máa mọ̀, o lè fi TM (ohun èlò tó ń kọ́ Pokémon ní move) kọ́ ọ ní òmíì. Ability ẹ̀ á ṣì jẹ́ Blaze torí Emerald ló ti wá, tó o bá fẹ́ Speed Boost, Hidden Ability ẹ̀, wá Ability Patch fún un. Báàjì mélòó lo ní ní Scarlet? Tó bá jẹ́ pé o ò tíì ní ọ̀kan, èyí tó bá ti ju lẹ́fẹ́ẹ̀lì 20 lọ lè máa sùn tó o bá ní kó jà.

TorchicPupa:

Mo ní gbogbo ẹ̀, mẹ́jọ pé. Ẹ̀gbọ́n mi ò mọ bí mo ṣe máa dúpẹ́. Ọ̀kan péré ló kù: Àjànàkú, Dive ni mo fi ń lò ó nínú Emerald, òun nìkan ló mọ̀ ọ́n, ṣé Dive náà wà lára HM tí wọn ò gbà ni? Torí mo mú un mọ́ àwọn ẹgbẹ́ kejì, ó ń kọ̀ fún mi.

Àgbà_Tírénà:

Òun ló ń kọ̀ yẹn. HM mẹ́jọ ló wà nínú Emerald, Dive wà lára ẹ̀, Waterfall náà bẹ́ẹ̀. Padà sí Lilycove kó o pa á rẹ́, tún wo Surf lára ẹ̀ pẹ̀lú, mi ò ní gbà gbọ́ pé Wailord ẹ kan ò mọ Surf.

TorchicPupa:

Ó mọ̀ ọ́n 😂 mò ń lọ.